Wíwá Fọ́nrán Àtijọ́ fún Fíìmù Dókúmẹ́ńtárì: Ọjà Ìpatà ní Ìlọrin àti Iṣẹ́ Olùkọ́ Yorùbá

Àṣamọ̀

Iṣẹ́ yìí ṣe àgbéyẹ̀wò wíwá fọ́nrán àtijọ́, ìyẹn àwòrán tó ń rìn àti ohùn tí wọ́n ti gbà sílẹ̀ láyé àná, fún ìlò nínú fíìmù dókúmẹ́ńtárì. Ọjà Ìpatà ní Ìlọrin ni iṣẹ́ náà fi ṣe àpẹẹrẹ. Ó ṣàlàyé ibi tí fọ́nrán tó kan Ìlọrin lè wà, ìdí tó fi máa ń ṣòro láti rí, ọ̀nà tí a fi lè mọ ọjọ́ orí rẹ̀, àti òfin tó de ìlò rẹ̀. Ohun tí iṣẹ́ yìí fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ ni pé ìmọ̀ èdè àti àṣà ni òpómúléró iṣẹ́ yìí. Fọ́nrán tí kò sí ẹni tó mọ orúkọ ènìyàn, ọjà àti ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ mọ́ kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí èyí tó ti sọnù. Nítorí náà, olùkọ́ Yorùbá ní ipa láti kó nínú iṣẹ́ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ti oníkámẹ́rà nìkan ni.

1.0 Ìfáárà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ìròyìn kò tó àfojúbà. Òwe yìí ni ìpìlẹ̀ fíìmù dókúmẹ́ńtárì. Irú fíìmù bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí eré oníṣe tí òǹkọ̀wé fi ojú inú gbé kalẹ̀, tí òṣèré sì gbé wọ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an, ẹni tó gbé ilé ayé gan-an, àti ibi tí ẹsẹ̀ lè tẹ̀ ni dókúmẹ́ńtárì máa ń fi hàn. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà òní kò lè padà sí àná. Bí ẹni tó ń ṣe fíìmù bá fẹ́ kí òǹwòran rí ọjà bó ṣe rí ní 1960, àfi kí ó wá ohun tí kámẹ́rà ọdún náà gbà sílẹ̀. Ní ilẹ̀ Òyìnbó, iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ni wíwá yìí jẹ́. Àwọn kan wà tí wọn kò ṣe ju èyí lọ nínú ìṣètò fíìmù. Ní ọ̀dọ̀ tiwa, olùdarí fíìmù tàbí ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ ló sábà máa ń fi kún iṣẹ́ tirẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yìí kan olùkọ́ Yorùbá ní tààràtà. Ìpolówó ọjà wà lára lítíréṣọ̀ alohùn tí wọ́n ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga olùkọ́ni. Bẹ́ẹ̀, ní ọ̀pọ̀ ọjà lónìí, ẹ̀rọ gbohùngbohùn tí wọ́n ti gba ohùn kan ṣoṣo sí ló ń polówó láti àárọ̀ di alẹ́. Akẹ́kọ̀ọ́ tó ń ka àlàyé nípa ìpolówó nínú ìwé lè má tíì gbọ́ ìyá kan tó ń dá orin sí ọjà tirẹ̀ rí. Bí olùkọ́ bá fẹ́ kí ó gbọ́, kí ó sì rí i, inú fọ́nrán àtijọ́ ni yóò ti wá a.

Ọjà Ìpatà bá irú ìwádìí yìí mu. Ọjà oúnjẹ ni, ibẹ̀ sì ni ọ̀kan nínú àwọn ibi tí wọ́n ti ń pa ẹran ní Ìlọrin. Ìhun orúkọ rẹ̀ pàápàá bá orúkọ àwọn alápatà tan: pípa àti títà ló wà nínú méjèèjì. Yorùbá, Fúlàní, Haúsá àti Núpé ló parapọ̀ di ìlú Ìlọrin, èdè wọn sì máa ń pàdé nídìí ọjà. Bí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ bá fẹ́ ṣe fíìmù ogún ìṣẹ́jú péré lórí Ìpatà, ibo ni wọn yóò yà sí? Ìbéèrè yìí ni iṣẹ́ yìí gbìyànjú láti dáhùn.

2.0 Ohun tí fọ́nrán àtijọ́ jẹ́

Fọ́nrán àtijọ́ pín sí oríṣi mẹ́rin fún ìlò iṣẹ́ yìí. Èkíní ni fíìmù gidi, tí ó jẹ́ ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́ tí ìmọ́lẹ̀ ń gbà kọjá. Èyí tó fẹ̀ tó mílímítà 35 ni ti ilé sinimá. Mílímítà 16 ni àwọn oníròyìn àti àwọn olùwádìí sábà máa ń gbé kiri. Èkejì ni téèpù fídíò. U-matic jáde ní 1971, VHS ní 1976, Betacam ní 1982. Ẹ̀kẹta ni ohùn nìkan, lórí àwo rẹ́kọ́ọ̀dù, téèpù tàbí kásẹ́ẹ̀tì. Ẹ̀kẹrin ni fọ́tò tó dúró sójú kan, èyí tí àwọn oníṣẹ́ fíìmù máa ń lò nígbà tí àwòrán tó ń rìn kò bá sí.

Ó yẹ kí a tún mọ ìyàtọ̀ láàrin fíìmù tó parí àti àgékù. Ẹni tó ya wákàtí mẹ́wàá lè lo ìṣẹ́jú mẹ́wàá péré. Ìyókù, bí wọn kò bá dà á nù, ni àgékù. Níbẹ̀ ni ohun tí olùkọ́ Yorùbá ń wá máa ń fara pamọ́ sí: obìnrin tó ń ná ọjà kí oníkámẹ́rà tó yí ojú sí gómìnà, tàbí ohùn onílù tí wọ́n gé kúrò kí olùròyìn lè rí àyè sọ̀rọ̀.

Gbogbo oríṣi wọ̀nyí ló ní ọjọ́ ikú. Fíìmù tí wọ́n fi èròjà asíténtì ṣe máa ń jẹrà bí ooru àti ọ̀rinrin bá pọ̀. Yóò máa rùn bí ọtí kíkan, yóò sún kì, yóò sì ká kò. Téèpù ní tirẹ̀ máa ń bu ehu, èròjà tó gbé àwòrán lè máa ṣí kúrò lára rẹ̀. Bí téèpù bá tilẹ̀ pé, ẹ̀rọ tí yóò kà á lè má sí mọ́. Ní 2019, àjọ UNESCO àti ẹgbẹ́ àwọn olùpamọ́ ohùn àti fídíò lágbàáyé, IASA, ké gbàjarè lórí téèpù. Ìkìlọ̀ wọn ni pé ní ọ̀pọ̀ ibi, kíkà téèpù lè má ṣeé ṣe mọ́ lẹ́yìn 2025. Ọdún náà ti dé ná. Ìdí nìyí tí wíwá fọ́nrán kì í fi í ṣe iṣẹ́ tí a lè sún síwájú.

3.0 Ibi tí ìtàn Ìlọrin fara pamọ́ sí

Àṣìṣe tí ẹni tó bá jẹ́ Yorùbá lè kọ́kọ́ ṣe ni láti gba Ìbàdàn lọ. Ọ̀nà náà kò burú fún ìtàn Ọ̀yọ́, Ìjẹ̀bú tàbí Èkìtì, ṣùgbọ́n ìtàn ìjọba fi Ìlọrin sí ibòmíràn. Ní oṣù kejì ọdún 1897, ọmọ ogun Royal Niger Company ṣẹ́gun Ìlọrin. Láti 1900, abẹ́ ìjọba Àríwá Nàìjíríà ni ìlú náà wà. Ibẹ̀ ló sì wà títí di ọjọ́ 27 oṣù karùn-ún ọdún 1967, nígbà tí wọ́n dá ìpínlẹ̀ méjìlá sílẹ̀, tí Kwara sì wà lára wọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ mìíràn ni wọ́n kọ́kọ́ fún un.

Àbájáde rẹ̀ ni pé ilé ìpamọ́ ìwé ìjọba àpapọ̀ tó wà ní Kàdúná ni àwọn fáìlì ẹkùn Ìlọrin wà, kì í ṣe èyí tó wà ní Ìbàdàn. Bákan náà ni ti tẹlifíṣàn. WNTV tó bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959, tó jẹ́ àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, ti ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ni. Àríwá dá tirẹ̀ sílẹ̀ ní Kàdúná ní 1962. Nítorí náà, ẹni tó bá ń wá àwòrán Ìlọrin ti ìgbà òmìnira gbọ́dọ̀ wo ìhà Kàdúná kí ó tó wo ìhà Ìbàdàn.

Àwọn àgbà sì wí pé ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Ọ̀nà kejì ni ìlú Jos, níbi tí àjọ Nigerian Film Corporation ní ilé ìpamọ́ fíìmù, fídíò àti ohùn ti orílẹ̀-èdè. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí fíìmù Shaihu Umar kọ́ wa lẹ́kọ̀ọ́ nípa ibẹ̀. Adamu Halilu ló darí fíìmù náà ní 1976, láti inú ìwé ìtàn tí Abubakar Tafawa Balewa kọ ní èdè Haúsá. Fún ọdún púpọ̀, àwọn ènìyàn gbà pé ó ti sọnù. Ní 2016 ni wọ́n rí ẹ̀dà rẹ̀ nínú ilé ìpamọ́ ní Jos. Iléeṣẹ́ Arsenal ní Berlin bá wọn tún un ṣe, wọ́n sì fi í han níbi àjọ̀dún fíìmù Berlin ní 2018. Fíìmù náà kò sọnù rárá. Ẹni tó máa ṣí agolo rẹ̀ wò ni kò tètè sí. Èyí fi hàn pé kì í ṣe gbogbo ohun tí wọ́n bá ní kò sí ni kò sí lóòótọ́.

Ọ̀nà kẹta gba òkè òkun. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá Colonial Film Unit sílẹ̀ ní 1939. Ó ṣiṣẹ́ títí di 1955. Ọ̀pọ̀ fíìmù tí òun àti àwọn ẹ̀ka ìjọba mìíràn ṣe wà ní British Film Institute àti Imperial War Museum ní Lọ́ńdọ̀nù. Àwọn mìíràn wà ní Bristol. Láti 2010, àkójọ kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì tí wọ́n pè ní Colonial Film ti ṣe àlàyé lórí fíìmù tó lé ní 6,000 láti àwọn ilẹ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì ṣàkóso, ó sì jẹ́ kí àwọn ènìyàn rí bí ẹ 150 nínú wọn wò. Ní 2014, iléeṣẹ́ British Pathé gbé fíìmù ìròyìn bí 85,000 sórí YouTube. Olùkọ́ tó wà ní Ìlọrin lè jókòó sídìí kọ̀ǹpútà kí ó wo púpọ̀ nínú wọn láìná owó ọkọ̀ òfuurufú.

4.0 Orúkọ tí wọ́n kọ sára agolo

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó kọ àkọlé sára agolo fíìmù kò mọ ilé, orúkọ náà ni wọ́n sáà sọ. Ibi tí iṣẹ́ ti le jù nìyí, ibẹ̀ náà sì ni ìmọ̀ olùkọ́ Yorùbá ti wúlò jù lọ.

Lákọ̀ọ́kọ́, kíkọ orúkọ ìlú kò dúró sójú kan. Nínú ìwé àwọn Òyìnbó ayé àtijọ́, Illorin, pẹ̀lú l méjì, wọ́pọ̀. Kọ̀ǹpútà kò gbọ́ ohun tí a kò sọ fún un. Ẹni tó bá tẹ Ilorin nìkan lè pàdánù ohun tí wọ́n kọ Illorin sí.

Lọ́nà kejì, ẹni tó kọ àkọlé lè má dárúkọ ìlú rárá. Fíìmù Nigeria Greets the Queen ti 1956 fi ìbẹ̀wò Ọbabìnrin Elizabeth hàn. Àwọn ẹlẹ́ṣin láti àwọn ẹkùn Àríwá pé jọ sí Kàdúná nígbà náà. Giant in the Sun ti 1959 sọ̀rọ̀ nípa Àríwá lápapọ̀, ní ọdún tí ẹkùn náà gba ìjọba ara rẹ̀. Àkọlé méjèèjì kò ní sọ fún olùwádìí bóyá ará Ìlọrin wà níbẹ̀. Àfi kí ẹni tó mọ ìwérí, ẹ̀wù, gàárì àti ìlù wọn jókòó, kí ó wo fíìmù náà ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan.

Lọ́nà kẹta, ìpínlẹ̀ èdè àti ìpínlẹ̀ ìjọba kò bára mu. Olùpamọ́ tó mọ̀ pé Ìlọrin wà ní Àríwá lè kó o sábẹ́ Haúsá. Ẹni tó gbọ́ Yorùbá nínú rẹ̀ lè kó o sábẹ́ Ìwọ̀-Oòrùn. Olùwádìí gbọ́dọ̀ wá a ní ibi méjèèjì. Ó sì yẹ kí ó fi orúkọ iṣẹ́ wá a, kì í ṣe orúkọ ìlú nìkan. Ìkòkò mímọ, aṣọ híhun, ìlẹ̀kẹ̀ gbígbẹ́, ẹran pípa àti ọjà oúnjẹ ni iṣẹ́ tí Ìlọrin lókìkí fún. Ẹni tó bá ń retí agolo tí wọ́n kọ “Ọjà Ìpatà” sí lára yóò pẹ́ níbẹ̀. Àmọ́ agolo tí wọ́n kọ “ọjà ìbílẹ̀, Àríwá Nàìjíríà” sí lè ní Ìpatà nínú, ó sì lè jẹ́ ìlú mìíràn pátápátá.

5.0 Fọ́nrán tó wà ní ìtòsí

Kì í ṣe òkè òkun nìkan ni ìtàn sá lọ. Àwọn iléeṣẹ́ tẹlifíṣàn àti rédíò tó wà ní Ìlọrin ti ya ayẹyẹ, ọdún iléyá, ìwúyè àti ìpàdé ọlọ́jà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ìṣòro ibẹ̀ ni pé téèpù wọ́n lówó. Nígbà tí téèpù ò bá tó, wọ́n á gba ìròyìn tuntun lé ti àtijọ́ lórí. Ìwà yìí kì í ṣe ti Nàìjíríà nìkan. BBC pàápàá pa ọ̀pọ̀ ètò rẹ̀ ti ọdún 1960 sí 1979 rẹ́ lọ́nà bẹ́ẹ̀, ó sì ti ń wá wọn káàkiri àgbáyé láti ìgbà náà.

Níbi tí iléeṣẹ́ ti kùnà, ará ìlú lè ti pa á mọ́. Láti bí ọdún 1980 síwájú, àwọn oníṣòwò àti àwọn Àlájà máa ń pe oníkámẹ́rà síbi ìgbéyàwó, ìsọmọlórúkọ àti ìpadàbọ̀ láti Mẹ́kà. Kásẹ́ẹ̀tì VHS wọ̀nyí wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì àti nínú àpótí. Ẹni tó ń ya ìyàwó nínú ọkọ̀ lè ti ya ọjà tí ọkọ̀ ń gbà kọjá láìmọ̀. Àwọn oníṣòwò rẹ́kọ́ọ̀dù àti kásẹ́ẹ̀tì pẹ̀lú ṣe pàtàkì. Ọ̀pọ̀ ohun tó kù fún wa lára iṣẹ́ Ọdọ́láyé Àrẹ̀mú, àgbà ọ̀jẹ̀ nínú orin dàdàkúàdà tó jáde láyé ní 1997, orí àwo àti kásẹ́ẹ̀tì tí àwọn ènìyàn rà ló wà. Ohùn irú olórin bẹ́ẹ̀ lè gbé àwòrán ọjà dúró nínú fíìmù, bí ẹ̀tọ́ rẹ̀ bá ṣeé gbà.

Bí ìpamọ́ nílé ti dára tó, ewu rẹ̀ kò kéré. Ní ọjọ́ 18 oṣù kejì ọdún 1977, nígbà tí àwọn ọmọ ogun dáná sun ilé Fẹlá Aníkúlápó-Kútì ní Èkó, ohun èlò fíìmù tó ń ṣe nípa ìgbésí ayé ara rẹ̀ wà lára ohun tó bá iná lọ. Lónìí, ọ̀kan nínú àwọn fíìmù tí ènìyàn mọ̀ jù nípa rẹ̀, Music Is the Weapon ti 1982, iṣẹ́ àwọn ará Faransé ni. Ẹ̀dà kan ṣoṣo ní ibì kan ṣoṣo kì í ṣe ìpamọ́. Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá rí kásẹ́ẹ̀tì gbà lọ́wọ́ ìyá kan ní Ìpatà, iṣẹ́ àkọ́kọ́ ni kí ó ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sórí kọ̀ǹpútà, kí ó fún ìyá náà ní ẹ̀dà kan, kí ó sì dá ojúlówó padà fún un.

6.0 Kíka fọ́nrán bí ẹní ka ìwé

Rírí fọ́nrán kò tíì parí iṣẹ́. Olùwádìí gbọ́dọ̀ mọ ibi tí wọ́n ti yà á àti ìgbà tí wọ́n yà á. Àwọn àmì kan wà tó ṣeé gbára lé.

(a) Ìrìn ọkọ̀: Nàìjíríà kúrò ní apá òsì ojú pópó bọ́ sí apá ọ̀tún ní ọjọ́ 2 oṣù kẹrin ọdún 1972. Bí ọkọ̀ inú àwòrán bá ń gba apá òsì, ó ti ṣáájú ọjọ́ náà. Ṣùgbọ́n kí olùwádìí kọ́kọ́ rí i dájú pé àwòrán náà kò yí sódì. Bí lẹ́tà ara pátákó bá ń kà sẹ́yìn, ó ti yí nìyẹn.

(b) Owó: Náírà rọ́pò pọ́n-ùn ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1973. Owó tí ojú rí ju ọ̀rọ̀ tí etí gbọ́ lọ níhìn-ín. Kọ́bọ̀ ti wà nínú èdè wa kí náírà tó dé, nítorí òun ni wọ́n ń pe pẹ́nì. Bákan náà, lẹ́yìn 1973, ọ̀pọ̀ ènìyàn ṣì ń pe kọ́bọ̀ mẹ́wàá ní ṣílè, wọ́n sì ń pe kọ́bọ̀ márùn-ún ní sísì. Ẹni tó gbọ́ “ṣílè” lẹ́nu aláta, tó sì kéde pé ọdún 1960 ni, ti yára jù.

(d) Ilé: Mọ́ṣáláṣí ńlá Ìlọrin tó wà báyìí ṣí ní 1981. Bí ó bá hàn lẹ́yìn ọjà pẹ̀lú òrùlé rírogodo rẹ̀ ní píparí, àwòrán náà kò lè dàgbà ju ìgbà náà lọ.

(e) Èdè: Ẹ̀ka-èdè Ìlọrin, ìkíni àti ọ̀rọ̀ àyálò láti inú Haúsá, Núpé àti Lárúbáwá lè ya Ìlọrin sọ́tọ̀ kúrò lára ọjà Ọ̀yọ́ tàbí Ìbàdàn. Àmì yìí ni ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá kò lè rí láéláé. Ṣùgbọ́n kí olùwádìí rántí pé ohùn inú fíìmù àtijọ́ lè má bá àwòrán wá. Nígbà mìíràn, ibòmíràn ni wọ́n ti gba ohùn, wọ́n wá lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn.

Lẹ́yìn èyí ni kí wọ́n gbé fọ́nrán náà lọ sí ọjà. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Kí akẹ́kọ̀ọ́ gba ọ̀dọ̀ Ìyálọ́jà àti Sàríkì Pàwá, olórí àwọn alápatà, kọjá kí wọ́n tó bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Kí wọ́n fi àwòrán náà han àwọn ìyá àti bàbá tó ti pẹ́ nídìí ọjà, kí wọ́n sì gba ohun tí wọ́n bá sọ sílẹ̀. Ìbéèrè wọn kò gbọdọ̀ fi ìdáhùn sí àgbà lẹ́nu. “Ṣé Ìpatà nìyí?” kò dára tó “Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, kí ni ẹ rí níbí?” Ìyá tó bá rí ìyá tirẹ̀ nínú àwòrán yóò dárúkọ rẹ̀, yóò kì í, yóò sọ ohun tó ń tà àti ẹni tó jókòó tì í. Ìṣẹ́jú méjì àwòrán tí kò lóhùn lè bí wákàtí méjì ọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ti di ohun ìpamọ́ tuntun. Bí ìyá náà bá lọ kí àwòrán tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, àwòrán yóò kù, orúkọ kò ní sí mọ́.

Ewu kan wà tí ó yẹ kí olùkọ́ kìlọ̀ rẹ̀ gidigidi. Bí oníṣẹ́ fíìmù kò bá rí Ìpatà, ó lè mú ọjà Ìbàdàn tàbí ti Kánò fi dípò, kí ó má sì sọ fún òǹwòran. Ó lè rò pé ọjà kò ju ọjà lọ. Ṣùgbọ́n ọmọ tó ń wo fíìmù náà nínú kíláàsì yóò gbà pé bí ọjà ìlú bàbá òun ti rí nìyẹn, òun náà yóò sì kọ́ ẹlòmíràn bẹ́ẹ̀. Bí wọ́n bá ní láti lo àwòrán ibòmíràn, kí wọ́n kọ ọ́ sójú rẹ̀ kedere: orúkọ ìlú náà àti ọdún. Irọ́ inú eré oníṣe kò pa ẹnikẹ́ni lára. Ti inú dókúmẹ́ńtárì máa ń di ìtàn.

7.0 Ẹ̀tọ́ òfin àti ìwà ọmọlúàbí

Pé fọ́nrán wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì kò sọ ọ́ di ti gbogbo ayé. Lábẹ́ òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́-ọpọlọ Nàìjíríà ti 2022, ẹ̀tọ́ lórí fíìmù àti fídíò wà fún àádọ́ta ọdún lẹ́yìn ìparí ọdún tí wọ́n kọ́kọ́ gbé e jáde. Ohun tó jáde ní 1990 ṣì ní olówó. Pẹ̀lúpẹ̀lù, ẹni tó ní agolo lè má jẹ́ ẹni tó ní ẹ̀tọ́. Orin inú fíìmù sì lè ní olówó ọ̀tọ̀. Ó yẹ kí ìwé àṣẹ sọ ohun mẹ́rin: ìṣẹ́jú mélòó, fún ìlò wo, ní ilẹ̀ wo, àti fún ìgbà wo. Ọ̀pọ̀ ilé ìpamọ́ ní owó kékeré fún ilé-ẹ̀kọ́ àti owó ńlá fún tẹlifíṣàn, nítorí náà kí olùwádìí tètè sọ èyí tó jẹ́ tirẹ̀.

Ìwà ọmọlúàbí ju òfin lọ. Ìlú ẹ̀sìn ni Ìlọrin. Àwọn obìnrin kan wà tí wọ́n wọ ẹ̀hà lẹ́yìn tí wọ́n ti ya wọ́n sínú fídíò láìbojú. Òfin lè gba oníṣẹ́ fíìmù láàyè láti fi ojú wọn hàn, ṣùgbọ́n ẹ̀rí ọkàn lè má gbà á láàyè. Bákan náà, Òyìnbó tó ya àwọn ènìyàn wa ní 1940 kò sábà bi wọ́n léèrè, ohùn tó fi sọ ìtàn wọn sì lè jẹ́ ohùn ẹni tó ń wo ọmọdé. Bí wọ́n bá tún àwòrán náà lò, kò pọn dandan kí wọ́n tún ojú tó fi wò wá lò. Àlàyé tuntun ní èdè Yorùbá, láti ẹnu ẹni tó mọ ọjà, lè dá iyì àwọn ènìyàn inú rẹ̀ padà.

8.0 Ìlò rẹ̀ nínú kíláàsì

Kò dìgbà tí kọ́lẹ́ẹ̀jì bá ní yàrá ìṣe-fíìmù kí iṣẹ́ yìí tó bẹ̀rẹ̀. Iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni, fún ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ márùn-ún márùn-ún.

(i) Kí wọ́n yan ọjà, iṣẹ́ ọwọ́ tàbí ayẹyẹ kan, kí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ ní gbogbo ọ̀nà tí àwọn ará àtijọ́ lè ti gbà kọ ọ́.

(ii) Kí wọ́n wá a lórí íntánẹ́ẹ̀tì àti nínú àkójọ àwọn ilé ìpamọ́; kí wọ́n kọ lẹ́tà kan ó kéré tán sí iléeṣẹ́ tẹlifíṣàn tàbí rédíò.

(iii) Kí wọ́n wá kásẹ́ẹ̀tì tàbí fọ́tò kan nínú ìdílé, pẹ̀lú àṣẹ ẹni tó ni ín.

(iv) Fún gbogbo ohun tí wọ́n bá rí, kí wọ́n kọ ìwé àkọsílẹ̀: ibi tí wọ́n ti rí i, nọ́ńbà rẹ̀, gígùn rẹ̀, ohun tí àkọlé sọ, ohun tí ojú rí, ohun tí etí gbọ́, ọdún tí àmì tọ́ka sí, ẹni tó ní ẹ̀tọ́.

(v) Kí wọ́n fi í han àgbà mẹ́ta lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, kí wọ́n da ọ̀rọ̀ wọn kọ pẹ̀lú àmì ohùn, kí wọ́n sì fi ibi tí ọ̀rọ̀ wọn ti yàtọ̀ síra hàn.

(vi) Kí wọ́n kọ àkọlé tuntun fún fọ́nrán náà ní èdè Yorùbá, kí wọ́n sì fi ránṣẹ́ sí ilé ìpamọ́ tó ni ín.

Ìgbésẹ̀ kẹfà yìí ló ṣe pàtàkì jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun ni ó rọrùn jù láti gbàgbé. Ọ̀pọ̀ olùwádìí máa ń gba nǹkan lọ́wọ́ ilé ìpamọ́ láìfún un ní nǹkan kan. Lẹ́tà láti kọ́lẹ́ẹ̀jì kan tó sọ pé “ọjà tí ẹ pè ní ọjà ìbílẹ̀ yìí, Ìpatà ni, ní Ìlọrin, ìyá tó wà lápá òsì ń ta ata” yóò jẹ́ kí olùwádìí ọ̀la rí i ní ọjọ́ kan péré. Àǹfààní èdè wà níbẹ̀ pẹ̀lú: akẹ́kọ̀ọ́ yóò ti lo ìmọ̀ ẹ̀ka-èdè, àdàkọ, oríkì, ìpolówó àti àrokọ nínú iṣẹ́ kan ṣoṣo.

9.0 Àgbálọgbábọ̀

Iṣẹ́ yìí ti fi hàn pé fọ́nrán tó kan Ìlọrin wà ní Kàdúná, Jos, Lọ́ńdọ̀nù àti nínú àpótí àwọn ìyá wa, àti pé ìtàn ìjọba ló fọ́n wọn ká. Ó fi hàn pé àkọlé tí kò péye máa ń fi wọ́n pamọ́ ju jíjìnnà lọ. Ó sì ti ṣàlàyé bí ìrìn ọkọ̀, owó, ilé àti èdè ṣe lè sọ ọjọ́ orí àwòrán.

Àbá mẹ́ta ló jáde láti inú rẹ̀. Kí àwọn ẹ̀ka Yorùbá ní àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì fi kíka fọ́nrán kún ìlànà ẹ̀kọ́ lítíréṣọ̀ alohùn. Kí kọ́lẹ́ẹ̀jì kọ̀ọ̀kan ní ẹ̀rọ tó ń ka VHS àti kásẹ́ẹ̀tì kan, nígbà tí a ṣì lè rí èyí tó ń ṣiṣẹ́ rà. Kí wọ́n sì pa ẹ̀dà gbogbo ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ bá gbà sílẹ̀ mọ́ ní ibi méjì ó kéré tán.

Nínú gbogbo rẹ̀, ọ̀dọ̀ àgbà ni kí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀. Agolo tó wà ní Lọ́ńdọ̀nù, inú ilé tútù ló wà, ó lè dúró de ọdún mẹ́wàá sí i. Ìyá tó mọ orúkọ àwọn ènìyàn inú rẹ̀, tó ń ta ata ní Ìpatà láti ìgbà èwe rẹ̀, kò lè dúró bẹ́ẹ̀.